Ìwé tó ní labalábá nínú, tí kì í ṣe ìwé ìwúrí: kí lẹ ti kà?

Alákòóso_Ìwé

Ẹ kú àárọ̀ o, gbogbo ilé. Iṣẹ́ kan já lé mi léjìká, mo sì mọ̀ pé ibí ni mo ti máa rí ìrànlọ́wọ́. Ẹgbẹ́ òǹkàwé wa ní Abẹ́òkúta fẹ́ máa ka ìwé lórí ìyípadà láti oṣù tó ń bọ̀ títí ọdún á fi parí. Obìnrin ló pọ̀ jù nínú wa, ọ̀pọ̀ ló sì ti lé lógójì ọdún: ẹni tó kúrò nílé ọkọ, ẹni tó kúrò nílùú, ẹni tí àìsàn sọ di ẹlòmíràn. Ọ̀kan nínú wọn, opó ni, ló ní kí labalábá wà nínú gbogbo ìwé tí a bá mú. Àwọn yòókù kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n nígbà tí a rò ó dáadáa, a rí i pé ó fún wa ní okùn tí a lè fi so wọ́n pọ̀.

Ohun tí mi ò fẹ́ ni ìwé tí wọ́n ya labalábá sí lẹ́yìn, tí gbogbo inú rẹ̀ kò sì ju "ìwọ náà á fò" lọ. A ti ka irú ẹ̀ yó. Mo fẹ́ ìwé ọmọdé kan, torí àwọn ìyá kan máa ń mú ọmọ-ọmọ wọn wá. Mo fẹ́ ìtàn tó ṣẹlẹ̀, mo fẹ́ ìtàn àròsọ, mo sì fẹ́ èyí tó jẹ́ tiwa bó bá wà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ ohun tó wà nínú ìwé náà fún mi, ẹ má kàn dárúkọ rẹ̀ kẹ́ ẹ sì kọjá lọ.

ÌyáÌbejìÒṣogbo

Ti ọmọdé kò le rárá. The Very Hungry Caterpillar ni, ti Eric Carle, ọdún 1969. Àwọn ìbejì mi ti fa ti àkọ́kọ́ ya, mo tún ra òmíràn. Kòkòrò kékeré kan jáde láti inú ẹyin láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú, ebi sì ń pa á. Lọ́jọ́ Ajé ó jẹ ápù kan, lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun ó jẹ píà méjì, bẹ́ẹ̀ ló ń pọ̀ sí i títí ó fi kan ọsàn márùn-ún lọ́jọ́ Ẹtì. Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta ó wá jẹ àjẹkì: kéèkì, áísìkirìmù, wàràkàṣì, ohun tójú rẹ̀ ṣáà ti rí. Inú bẹ̀rẹ̀ sí í run ún. Ihò gidi ló wà nínú ojú ewé níbi tí ó ti jẹ oúnjẹ náà kọjá, ọmọ lè ti ìka bọ̀ ọ́. Àwọn ihò yẹn gan-an ló jẹ́ kí wọ́n lọ tẹ̀ ẹ́ ní Japan níbẹ̀rẹ̀, torí owó tí wọn ì bá ná lé e lórí ní Amẹ́ríkà ti pọ̀ jù.

Ohun tí mo fẹ́ràn jù ni pé kò sẹ́ni tó bá kòkòrò náà wí. Ó jẹun, inú run ún, ó jẹ ewé tútù kan, ara rẹ̀ yá. Ká ní àwa la kọ ọ́ ni, a ti fi ìwàásù nípa ọ̀kánjúwà bo gbogbo ẹ̀ mọ́lẹ̀.

BàbáOníwèé

Òótọ́ lẹ sọ, Ìyá Ìbejì. Ẹni tó kọ ọ́ náà mọ ebi o. Amẹ́ríkà ni wọ́n ti bí Carle, ọmọ ọdún mẹ́fà ló wà tí àwọn òbí rẹ̀ fi kó o lọ sí Jámánì tó jẹ́ ilẹ̀ bàbá wọn, ogun Hitler sì ká wọn mọ́bẹ̀. Wọ́n kó bàbá rẹ̀ wọ ológun, àwọn ará Rọ́ṣíà mú un lẹ́rú ogun. Bàbá yẹn náà ló máa ń mú un rìn nínú igbó nígbà tó wà lọ́mọdé, tó ń ṣí èèpo igi fún un kó lè rí kòkòrò. Bí mo bá ti ń rántí èyí, ojú tí mo fi ń wo oúnjẹ ọjọ́ Àbámẹ́ta yẹn máa ń yàtọ̀.

TísàBàólójì

Ẹ kú ìjíròrò o. Àwa tí a ń kọ́ni ní bàólójì ní ẹjọ́ kékeré kan pẹ̀lú Carle. Ó ní kòkòrò náà kọ́ ilé yí ara rẹ̀ ká, ó wá já a jáde. Àfòpiná ló sábà máa ń hun irú ilé bẹ́ẹ̀. Ti labalábá, awọ ara rẹ̀ ló ń bọ́ sílẹ̀ nígbà ìkẹyìn, èyí tó wà lábẹ́ rẹ̀ á wá gbẹ, á sì le. Inú ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ẹran ara rẹ̀ ti máa yọ́, tí ìyẹ́ á fi rí ohun tí ó hù jáde lára rẹ̀. Kò sùn o. Iṣẹ́ ńlá ló ń lọ níbẹ̀.

Ohun tó yẹ kí ẹgbẹ́ yín gbọ́ nìyí, àǹtí Alákòóso. Ní 2008, àwọn onímọ̀ kan ní Yunifásítì Georgetown mú kòkòrò àfòpiná kan tó máa ń jẹ ewé tábà, wọ́n fi òórùn kan sí i nímú, wọ́n sì ń fi iná mànàmáná ta á jí nígbàkigbà tí òórùn náà bá dé, títí ó fi ń sá fún un. Lẹ́yìn tí àwọn kòkòrò náà ti di àfòpiná oníyẹ̀ẹ́, ọ̀pọ̀ nínú wọn ṣì ń sá fún òórùn yẹn. Àwọn tí wọ́n kọ́ nígbà tí wọ́n ṣì kéré jù kò rántí. Àwọn tí wọ́n kọ́ nígbà tó kù díẹ̀ kí ìyípadà bẹ̀rẹ̀ ló rántí. Nítorí náà, ìwé yòówù tó bá ní ẹni tó yí padà ti gbàgbé gbogbo ohun tójú rẹ̀ rí tẹ́lẹ̀, èmi ò gbà á gbọ́.

Nọ́ọ̀sìÒru

Tísà, ẹ ò jẹ́ ká sùn lálẹ́ yìí. 😅

Tàdáwà

Ẹ̀gbọ́n Alákòóso, ẹ jẹ́ kí n mú yín lọ síbi tí ẹ ò rò. Ayàwòrán ni mí, ìwé tí mo sì ń padà sí nígbà gbogbo ni ti Maria Sibylla Merian, Metamorphosis Insectorum Surinamensium, tó jáde ní Amsterdam ní 1705.

Frankfurt ni wọ́n ti bí obìnrin yìí, ní 1647. Bàbá rẹ̀ kú nígbà tó ṣì wà ní kékeré, ọkọ ìyá rẹ̀ tó jẹ́ ayàwòrán òdòdó ló sì kọ́ ọ níṣẹ́. Láti ọmọ ọdún mẹ́tàlá ló ti ń sin kòkòrò sílíìkì, tó ń já ewé fún wọn, tó ń ṣọ́ wọn, tó sì ń yà wọ́n. Ẹ rántí pé láyé ìgbà náà, ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé ṣì gbà pé inú ẹrẹ̀ àti ohun tó ti rà ni kòkòrò ti ń ṣàdédé jáde. Iṣẹ́ tí Merian ṣe ni pé ó ya ẹyin, kòkòrò, èèpo àti labalábá sójú ewé kan ṣoṣo, pẹ̀lú igi tí wọ́n ń jẹ, kí ẹni tó bá wò ó lè rí i pé ẹ̀dá kan náà ni gbogbo wọn. Ó tẹ ìwé méjì jáde lórí rẹ̀ ní 1679 àti 1683.

Lẹ́yìn náà ló fi ọkọ rẹ̀ sílẹ̀. Ó kó àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ méjèèjì àti ìyá rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ẹgbẹ́ ẹlẹ́sìn kan ní Friesland, ibẹ̀ ló sì ti gba Amsterdam lọ ní 1691. Ní 1699, ó ta àwọn àwòrán rẹ̀, ó mú Dorothea ọmọ rẹ̀ kékeré, ó wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Suriname ní Gúúsù Amẹ́ríkà. Ẹni ọdún méjìléláàádọ́ta ni nígbà náà. Kò sí ọkùnrin kankan tó mú un dání. Àwọn ará Holland tó wà níbẹ̀ fi í ṣe yẹ̀yẹ́, torí ṣúgà nìkan ni wọ́n mọ̀. Àìsàn ló lé e padà ní 1701, àwòrán ọgọ́ta ló sì wà nínú ìwé tó ti inú ìrìn àjò yẹn jáde.

Ó ya aláǹtakùn ńlá kan tó ń jẹ ẹyẹ kékeré. Ó ju ọgọ́rùn-ún ọdún lọ lẹ́yìn ikú rẹ̀ tí àwọn ọkùnrin kan ṣì ń pè é ní òpùrọ́ nítorí àwòrán yẹn. Wọ́n padà rí i pé irú aláǹtakùn bẹ́ẹ̀ máa ń pa ẹyẹ lóòótọ́.

Alákòóso_Ìwé

Tàdáwà, ẹ ti gbà mí! Ẹni ọdún méjìléláàádọ́ta. Mo mọ àwọn tó máa pariwo tí wọ́n bá gbọ́. Ṣé a lè rí i kà ní Nàìjíríà?

Tàdáwà

Ojúlówó rẹ̀, ó di ilé-ìkàwé ńlá. Àmọ́ àwọn ilé-ìkàwé òkè òkun ti gbé gbogbo àwòrán náà sórí íntánẹ́ẹ̀tì, ọ̀fẹ́ ni. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ tẹ ọ̀kan jáde lóríi bébà ńlá, àwòrán 45 ni mo máa sọ pé kẹ́ ẹ mú, kì í ṣe èyí tó rẹwà jù.

Òdòdó tó wà níbẹ̀ ni àwa ń pè ní Pride of Barbados, tó kún ẹ̀gbẹ́ ògiri àwọn ilé ìjọba àtijọ́. Merian kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé àwọn obìnrin ẹrú ń fi èso rẹ̀ ṣẹ́yún kí ọmọ wọn má baà di ẹrú. Ó dárúkọ àwọn tí wọ́n kó láti Guinea àti Angola. Ó ní àwọn kan a tiẹ̀ pa ara wọn, torí wọ́n gbà pé àwọn á tún ayé wá ní òmìnira nílẹ̀ baba àwọn, àti pé ẹnu ara wọn ni òun ti gbọ́ ọ. Labalábá ńkọ́? Àfòpiná ni tibẹ̀, ó wà lójú ewé kan náà.

Kí n sì sọ ìyókù. Àwọn ẹrú ló ń la ọ̀nà fún un nínú igbó, àwọn ló ń bá a mú kòkòrò wá. Obìnrin ọmọ ìbílẹ̀ Suriname kan bá a padà sí Amsterdam, a ò sì mọ orúkọ rẹ̀. Nígbà tó yá, àwọn ará Jámánì ya ojú Merian sórí owó bébà wọn, 500 máàkì. Ti obìnrin yẹn, a ò mọ ojú rẹ̀ pàápàá.

ÌyáÌbejìÒṣogbo

Òdòdó tó wà lẹ́nu ọ̀nà ilé wa! Èmi a máa já a fún àwọn ọmọ kí wọ́n fi ṣeré. Ẹ̀yin tí ẹ bá ní in, ẹ má jẹ́ kí ọmọdé jẹ èso rẹ̀ o.

BàbáOníwèé

Ẹ̀yin ọmọdé ò mọ Papillon mọ́ ni? Nílé ẹ̀kọ́ wa láyé ọjọ́un, àwa tó wà ní yàrá ibùsùn a máa pín in kà ní abala-abala, ẹni tó bá parí apá tirẹ̀ á jù ú sí ẹlòmíràn. Henri Charrière ló kọ ọ́, ọdún 1969 ló jáde, ọdún kan náà pẹ̀lú ìwé kòkòrò Ìyá Ìbejì. Wọ́n fín labalábá sí i láyà, ibẹ̀ ni orúkọ ìnagijẹ rẹ̀ ti wá, torí labalábá ni papillon lédè Faransé. Ní 1931 ilé-ẹjọ́ ní Paris dá a lẹ́bi ìpànìyàn, ó ní òun ò jẹ̀bi, wọ́n ní kó lọ ṣẹ̀wọ̀n gbére ní French Guiana. Ẹ̀gbẹ́ Suriname tí Merian lọ gan-an ni! Ó ń sá, wọ́n ń mú un, ó tún ń sá, títí ó fi fìdí kalẹ̀ ní Venezuela.

TísàBàólójì

Bàbá, ẹ má bínú, sà. Ìwé yẹn dùn, ṣùgbọ́n kò pẹ́ tó jáde tí àwọn oníròyìn Faransé fi bẹ̀rẹ̀ sí í tú u palẹ̀. Ọ̀pọ̀ ohun tó ní ojú òun rí, àwọn ẹlẹ́wọ̀n mìíràn ló ṣẹlẹ̀ sí, àwọn kan kò sì ṣẹlẹ̀ sí ẹnikẹ́ni. Àǹtí ní òun fẹ́ ìtàn tó ṣẹlẹ̀.

BàbáOníwèé

Mo mọ̀, Tísà. Kí wọ́n kà á mọ́ ìtàn àròsọ nígbà náà. Ẹni tí wọ́n tì mọ́ inú àhámọ́ tó ń jí ìtàn ẹlòmíràn kọ́ra rẹ̀ lọ́rùn, èyíinì náà ìyípadà ni. Ó tilẹ̀ wù mí kí àwọn obìnrin yẹn jà lórí ẹ̀.

Nọ́ọ̀sìÒru

Ọmọ Faransé mìíràn wà tó dára ju ti Bàbá lọ (ẹ dákun, sà). Jean-Dominique Bauby, Le Scaphandre et le Papillon, 1997. Wọ́n ti túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì, The Diving Bell and the Butterfly, ìyẹn àgò irin àwọn tó ń wọ ìsàlẹ̀ òkun àti labalábá, wọ́n sì ti fi ṣe sinimá.

Olóòtú ìwé ìròyìn Elle ni, ọkùnrin afínjú, ẹni ọdún mẹ́tàlélógójì. Ní oṣù Kejìlá 1995, rọpárọsẹ̀ kọ lù ú. Nígbà tó fi máa jí, kò lè sọ̀rọ̀, kò lè gbé ọwọ́ tàbí ẹsẹ̀. Ojú òsì rẹ̀ nìkan ló ṣẹ́ kù tó lè fi ṣẹ́jú. Ọpọlọ rẹ̀ sì pé pérépéré. Nílé ìwòsàn tó wà ní Berck, létí òkun, wọ́n tún álífábẹ́ẹ̀tì Faransé tò kí lẹ́tà tí wọ́n ń lò jù ṣíwájú: E, S, A, R, I, N. Obìnrin kan, Claude Mendibil, á máa ka lẹ́tà náà jáde, bó bá dé èyí tí Bauby fẹ́, á ṣẹ́jú. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe kọ odindi ìwé. Á ti to gbólóhùn náà sórí láàárọ̀ kí obìnrin náà tó dé. Ìwé jáde nínú oṣù Kẹta 1997, ọjọ́ mélòó kan lẹ́yìn náà ó kú.

Labalábá tirẹ̀ ni ọkàn tó ń jáde kúrò nínú ara tó ti di àgò irin. Ó ń lọ síbi tó fẹ́, ó ń se oúnjẹ nínú ìrònú, ó ń ṣe yẹ̀yẹ́ àwọn tó wá bẹ̀ ẹ́ wò. Ìwé náà pa mí lẹ́rìn-ín, mi ò retí ẹ̀. Mo ti tọ́jú àwọn tí rọpárọsẹ̀ mú, mo sì ti rí àwọn ẹbí tó ń sọ̀rọ̀ lórí aláìsàn bí ẹni pé kò sí níbẹ̀. Lẹ́yìn tí mo ka Bauby tán, mi ò gba irú ẹ̀ láàyè mọ́ ní wọ́ọ̀dù.

Alákòóso_Ìwé

Nọ́ọ̀sì, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ti kọ ọ́ sílẹ̀. Ìwé náà kò gùn, àbí?

Nọ́ọ̀sìÒru

Kò gùn rárá, ẹ lè kà á tán ní ìrọ̀lẹ́ kan.

ÈkóNíPeckham

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Kí ẹnikẹ́ni tó dárúkọ Kafka, tó kọ ìtàn ọkùnrin tó jí tó ti di kòkòrò, kòkòrò yẹn kò di labalábá, kò sì sẹ́ni tó gbádùn ara rẹ̀ nínú ìwé yẹn. Ẹ jẹ́ ká fò ó.

Èyí tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ kà ni In the Time of the Butterflies ti Julia Alvarez, 1994. Ìtàn àròsọ ni, ṣùgbọ́n àwọn ènìyàn inú rẹ̀ gbé ayé rí ní Dominican Republic lábẹ́ Trujillo, apàṣẹ wàá tó di ìlú náà mú láti 1930. Tẹ̀gbọ́n-tàbúrò mẹ́rin ni wọ́n: Patria, Dedé, Minerva, María Teresa Mirabal. Àwọn mẹ́ta wọ ẹgbẹ́ abẹ́lẹ̀ tó ń bá ìjọba náà jà, orúkọ àṣírí wọn sì ni Las Mariposas, àwọn labalábá. Ní ọjọ́ 25 oṣù Kọkànlá 1960, bí wọ́n ṣe ń bọ̀ láti ibi tí wọ́n ti lọ wo ọkọ wọn lẹ́wọ̀n, àwọn ẹmẹ̀wà Trujillo dá wọn lọ́nà, wọ́n lù wọ́n pa pẹ̀lú Rufino de la Cruz tó ń wa ọkọ̀ wọn, wọ́n wá ti ọkọ̀ náà sí ọ̀gbun kó lè dà bí ìjàǹbá. Kò sẹ́ni tó gbà á gbọ́. Nígbà tó fi máa di oṣù Karùn-ún ọdún tó tẹ̀ lé e, wọ́n ti yìnbọn pa Trujillo fúnra rẹ̀. Ọjọ́ ikú àwọn obìnrin yẹn ni Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé mú ní 1999 gẹ́gẹ́ bí ọjọ́ tí a fi ń kọ ìwà ipá sí obìnrin.

Òṣù díẹ̀ kí wọ́n tó pa wọ́n ni àwọn òbí Alvarez sá kúrò nílùú náà pẹ̀lú rẹ̀, ọmọ ọdún mẹ́wàá ni. Bàbá rẹ̀ náà wà nínú ọ̀rọ̀ náà.

Mo mọ̀ pé Minerva ni gbogbo ènìyàn máa ń fẹ́ràn. Èmi, Dedé ni. Ó yẹ kó bá wọn lọ, kò lọ. Ó kù, ó tọ́ àwọn ọmọ arábìnrin rẹ̀, ó sì ń dá àlejò lóhùn títí di ọdún 2014 tó fi kú: kí ló dé tí ìwọ fi wà láàyè? Ọ̀nà tí Alvarez gbà kọ orí tirẹ̀ ló gbé ìwé yẹn ró.

Alákòóso_Ìwé

Opó tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan máa fẹ́ Dedé. Mo ti mọ̀ ọ́n. Ilẹ̀ Áfíríkà ńkọ́? Gbogbo ẹ̀ ṣì wà lókè òkun.

Tàdáwà

Yvonne Vera, Butterfly Burning, 1998. Ọmọ Zimbabwe ni. Makokoba ní Bulawayo ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀, àdúgbò àwọn aláwọ̀ dúdú láyé tí àwọn òyìnbó ń ṣèjọba, láàárín ọdún 1940 sí 1950. Phephelaphi fẹ́ràn Fumbatha, òṣìṣẹ́ ilé kíkọ́ tó dàgbà jù ú lọ dáadáa. Fumbatha fẹ́ kó jẹ́ tòun nìkan. Ọmọbìnrin náà fẹ́ di nọ́ọ̀sì, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí wọ́n máa gba ọmọbìnrin aláwọ̀ dúdú síbi ìkọ́ṣẹ́ náà. Wọ́n gbà á. Ó wá rí i pé òun ti lóyún, wọn kì í sì í gba aláboyún. Èyí tó ṣe pẹ̀lú ẹ̀gún nínú pápá gbígbẹ, ojú ewé tó le jù tí mo ti kà láyé mi ni. Ẹ fi ti àwòrán 45 sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mi ò ní sọ bó ṣe parí, àmọ́ àkọlé rẹ̀ kò purọ́.

ÌyáÌbejìÒṣogbo

Háà, Tàdáwà. Opó wà nínú ẹgbẹ́ yẹn, ẹni tí àìsàn ti bá fà á wà níbẹ̀. Ṣé ohun tí ẹ fẹ́ fún wọn kà nìyí? Wọ́n ní labalábá, wọ́n fẹ́ ìtura.

Tàdáwà

Ìyá Ìbejì, pẹ̀lú ọ̀wọ̀, wọn ò sọ pé ìtura làwọn fẹ́. Àǹtí ní wọn ò fẹ́ ìwé ìwúrí. Wọ́n ti rí ìyípadà lójú ayé, wọ́n mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo kòkòrò tó bá wọ inú èèpo ló ń jáde.

ÌyáÌbejìÒṣogbo

Mo gbọ́ o. Èmi náà rí ti tèmi, mo sì mọ̀ pé ìgbà kan wà tí mi ò lè ka irú ìwé bẹ́ẹ̀. Kí ẹni tó bá fẹ́ mú un, kí wọ́n má sọ ọ́ di ọ̀ranyàn. Ti Barbara Kingsolver wà tí kò le tó bẹ́ẹ̀: Flight Behavior, 2012. Ìyàwó ilé kan ní òkè Tennessee ń lọ pàdé àlè nínú igbó, ó bá rí i tí gbogbo igi pọ́n wẹ̀ẹ̀. Labalábá ni, ẹgbẹẹgbẹ̀rún, àwọn tó yẹ kó lọ lo ìgbà òtútù lórí òkè ní Mexico, tí ojú ọjọ́ tó ń dàrú ti ṣì lọ́nà. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ní iṣẹ́ ìyanu ni. Onímọ̀ ìjìnlẹ̀ tó dé ní àjálù ni. Obìnrin náà wà láàárín wọn, ibẹ̀ ló sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í ronú nípa ara rẹ̀.

Akẹ́kọ̀ọ́Èdè

Mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín bọ̀. Tiwa ńkọ́? Ohun tí mo rí ni pé Yorùbá kì í fi labalábá sọ ìyípadà. "Labalábá fi ara rẹ̀ wé ẹyẹ, kò lè ṣe ìṣe ẹyẹ." "Labalábá tó bá dìgbò lu ẹ̀gún, aṣọ rẹ̀ á fàya." Aláṣeju tó wọṣọ rere ni labalábá lójú àwọn bàbá wa. Ẹni tó bá fẹ́ yí padà nínú ìtàn wa, igbó ló ń lọ. Ẹ wo Ọya tó ń bọ́ awọ ẹfọ̀n sílẹ̀ kó tó wọjà. Àwọn ará Brasil tó ń sin Iansã, Ọya yìí náà ni, ló ka labalábá mọ́ ẹfọ̀n rẹ̀.

Nítorí náà, bí ẹ bá ń wá ìwé tiwa lórí ìrìn àjò tó ń yí ènìyàn padà, Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ ni, Fagunwa, 1938. Ẹ má dúró ní apá ìbẹ̀rẹ̀ tí gbogbo wa mọ̀. Ẹ lọ sí ìparí, lẹ́yìn tí Àkàrà-oògùn àti àwọn akọni yòókù ti dé Òkè Láńgbòdó, tí wọ́n jókòó nílé Ìrágbèje. Wọ́n fi ọ̀sẹ̀ kan gbọ́ràn níbẹ̀. Àwọn tó ti pa iwin, tó ti jà títí, ni wọ́n ní kó jókòó kó gbọ́ ọ̀rọ̀ lórí ọmọ títọ́.

Nọ́ọ̀sìÒru

Ẹ̀yin ò sọ ti Kàkò, ọ̀kan nínú àwọn akọni yẹn. Obìnrin rẹ̀ dì mọ́ ọn pé kó má lọ, Kàkò ṣá a bí ẹni ṣá igi, ó pa á, ó sì bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Ìrìn àjò ọkùnrin ni. Ta ló san owó ọkọ̀?

Akẹ́kọ̀ọ́Èdè

Ìyẹn gan-an ló fi yẹ kí ẹgbẹ́ obìnrin kà á. Nílé ẹ̀kọ́, kíá ni wọ́n fò ó kọjá. Mo fẹ́ gbọ́ bí wọ́n ṣe máa dájọ́ Kàkò ní Abẹ́òkúta.

BàbáOníwèé

Abẹ́òkúta kẹ̀! Ẹ má gbàgbé Tutuola, ọmọ ibẹ̀. Nínú My Life in the Bush of Ghosts, 1954, ogun lé ọmọdé kan wọgbó, àwọn iwin sọ ọ́ di màlúù, wọ́n sọ ọ́ di ẹṣin, ó pẹ́ níbẹ̀ títí ó fi dàgbà. Nígbà tó máa padà sílé, ẹrú ni wọ́n mú un ṣe lọ́wọ́ ẹbí ara rẹ̀, wọn ò mọ̀ ọ́n. Ẹni tó bá ti kúrò nílé pẹ́ á mọ ohun tí mò ń sọ.

ÈkóNíPeckham

A mọ̀ ọ́n, Bàbá. A mọ̀ ọ́n.

AláṣọÒkèÌsẹ́yìn

Ẹ kú ilé o. Èmi kì í fi bẹ́ẹ̀ kàwé, aṣọ ni mò ń hun, ọmọ mi ló fi ọ̀rọ̀ yín hàn mí. Akẹ́kọ̀ọ́ ní Yorùbá kò fi kòkòrò oníyẹ̀ẹ́ sọ ìyípadà. Sányán wá ńkọ́? Òwú sányán gidi, ara ilé tí kòkòrò àfòpiná hun sórí igi nínú igbó ló ti ń wá. Wọ́n máa ń pọ̀ nínú ilé kan ṣoṣo, àwọn àgbà á lọ já a wálé, wọ́n á yọ kòkòrò inú rẹ̀ (àwọn kan máa ń jẹ ẹ́), wọ́n á sè é nínú omi eérú kó lè rọ̀, wọ́n á wá ran án. Òwú yẹn ò dán bí ti òyìnbó, ó rí bí ilẹ̀. Òun la ń pè ní baba aṣọ. Èyí tí wọ́n ń tà ní ọjà báyìí, òwú lásán tí wọ́n pa láró ló pọ̀ jù níbẹ̀.

Ohun tí mo fẹ́ sọ ni pé aṣọ tí wọ́n fi ń ṣe ìyàwó, tí wọ́n fi ń ṣe òkú àgbà, inú ilé èyí tí kò jáde ló ti wá.

TísàBàólójì

Bàbá, ẹ kú iṣẹ́. Anaphe ni àwọn onímọ̀ ń pe kòkòrò yẹn. Mo ti ń kọ́ ọmọ nípa rẹ̀, kò sì wá sí mi lọ́kàn rí pé kí n mú aṣọ wá sí kíláàsì.

Alákòóso_Ìwé

Mo ti ka gbogbo ẹ̀, mo tún padà kà á. Ohun tí mo fẹ́ ṣe nìyí. Merian la máa fi bẹ̀rẹ̀, mo máa tẹ àwòrán 45 jáde, mo sì máa bẹ ìyá kan tó ní ojúlówó sányán kó mú un wá kí gbogbo wa fọwọ́ kàn án. Lẹ́yìn rẹ̀ Alvarez, kí a lè dé orí Dedé kó tó di ọjọ́ 25 oṣù Kọkànlá. Bauby la máa kà lọ́sẹ̀ tí ọwọ́ gbogbo ènìyàn bá dí, torí kò gùn. Vera kì í ṣe ọ̀ranyàn, Ìyá Ìbejì, mo gbọ́ yín: àwọn tó bá fẹ́ á kà á, a ó jókòó sọ ọ́ lọ́tọ̀. Fagunwa á wà níparí, Kàkò sì máa jẹ́jọ́. Bàbá, mi ò gbàgbé Papillon, àwọn ọkọ tó máa ń dúró dè wá nínú mọ́tò ni màá gbé e fún.

Vera ni mi ò rí rà. Mo ti béèrè lọ́wọ́ àwọn òǹtàwé tí mo mọ̀ ní Ìbàdàn, wọn ò ní.

ÈkóNíPeckham

Mò ń bọ̀ wálé lóṣù Kejìlá. Ẹ̀dà méjì ni mo lè mú wá, torí ẹrù màmá mi ti gba gbogbo àpótí. Ẹ fi nọ́ńbà tí mo máa pè ránṣẹ́ sí mi níkọ̀kọ̀, ẹ má fi síbí.